Ìlẹ̀kùn Tí Bísọ́lá Kò Ṣí

Kí n kọ́kọ́ là á yé yín: Bísọ́lá kì í ṣe ojo. Ọmọ Ìlàjẹ ni, etí omi ni wọ́n bí i sí, inú ọkọ̀ ló sì ti kọ́ ìjókòó. Mo ti rí i ní ebúté Ogbe-Ijoh tó ń bọ́ láti inú ọkọ̀ kan sínú òmíràn, apẹ̀rẹ̀ ẹja gbígbẹ lórí, tí omi ń ru lábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀, tó sì ń bú ọlọ́kọ̀ tó fẹ́ da ẹja rẹ̀ nù. Èmi ọmọ Ìjẹ̀bú, tí mo máa ń ka gbogbo àdúà tí mo mọ̀ kí n tó gbé ẹsẹ̀ kan sínú ọkọ̀, ńṣe ni mo máa ń dijú. Torí náà, bí mo bá sọ fún yín pé mo rí ẹ̀rù tó mú Bísọ́lá gbọ̀n bí ẹni tí ibà ń ṣe, ẹ má rò pé ọ̀rọ̀ obìnrin aláìlọ́kàn ni.

Lẹ́yìn ọjà Pessu la jọ ń gbé nígbà náà, yàrá tiwọn kọjú sí tiwa. Owó epo ti gba gbogbo Warri kan. Ilé ìfọpo tó wà ní Ekpan ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, wọ́n sì gbé ọkọ mi, Adépọ̀jù, bàbá Ràhímù ọmọ wa, wá síbẹ̀ láti Èkó, torí ẹnjiníà ni. Babáyẹmí, ọkọ Bísọ́lá, dáífà ni ní tirẹ̀. Ìsàlẹ̀ òkun ló ti ń ṣiṣẹ́, níbi tí páìpù epo gbà kọjá, ó ń fi iná jó irin pọ̀ nínú omi tó dúdú bí ìdí ìkòkò. Ó ga, kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀, ohùn rẹ̀ sì nípọn débi pé bó bá kí èèyàn láàárọ̀, àyà èèyàn á gbọ́ ọ kí etí tó gbọ́. Bísọ́lá kì í fi “ẹ” bá a sọ̀rọ̀. Ó ní ọmọ tí òun ti bá wẹ̀ lódò nígbà tí kò tíì mọ ṣòkòtò wọ̀, báwo lòun ṣe fẹ́ sọ ọ́ di “ẹ̀yin”? Èmi ò lè dán an wò pẹ̀lú ọkọ tèmi.

Ní ìrọ̀lẹ́ Sátidé, wọ́n máa ń fi fíìmù hàn ní kílọ́ọ̀bù àwọn òṣìṣẹ́ ní Ekpan. Wọ́n á ta aṣọ funfun sára ògiri, a ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì, a ó máa jẹ ẹ̀pà sísè, àwọn ọmọ Warri á sì máa gba àwọn tó wà nínú fíìmù nímọ̀ràn bí ẹni pé wọ́n lè gbọ́. Àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rin la jọ máa ń lọ nínú Pijó ọkọ mi. Èyí tí wọ́n fi hàn ní Sátidé kan báyìí, fíìmù àwọn tó ń rìnrìn àjò kọjá òṣùpá ni. Ọkùnrin kan àti ìyàwó rẹ̀ wà nínú ọkọ̀ irin kan tó ń lọ láàárín ìràwọ̀. Omi tí wọ́n fẹ́ mu ń léfòó kiri bí ìlẹ̀kẹ̀. Ọkọ̀ mìíràn gbiná, ó fọ́ yángá lójú wọn, síbẹ̀ a ò gbọ́ ohùn kankan. Gbogbo kílọ́ọ̀bù pa lọ́lọ́.

Àfi Adépọ̀jù. Ọkọ mi ò jẹ́ ká wo fíìmù ní àlàáfíà rí. “Òótọ́ nìyẹn!” ló ń wí, ó ń fi ọwọ́ lu itan mi. “Afẹ́fẹ́ ò sí níbẹ̀, ohùn ò lè rìn. Àwọn tó ṣe fíìmù yìí mọ físíìsì!”

Ẹnì kan pariwo láti ẹ̀yìn: “Oga, abeg, na you dem put for inside film?”

Nígbà tó kù díẹ̀ kó parí, ọkùnrin inú fíìmù náà jáde lọ tún ara ọkọ̀ wọn ṣe. Bó ṣe padà wọlé, ó há sí yàrá kékeré kan láàárín ìlẹ̀kùn méjì. Afẹ́fẹ́ tó lágbára ju ti inú ọkọ̀ lọ ló rọ́ kún ibẹ̀, wọ́n sì ní kò gbọdọ̀ kúrò níbẹ̀ títí yóò fi dín kù bá ti inú ọkọ̀ dọ́gba, díẹ̀díẹ̀ sì ni ìyẹn máa ń ṣẹlẹ̀. Ara ń ro ó. Ó ń fi àtẹ́lẹwọ́ gbá dígí, ó ń pe orúkọ ìyàwó rẹ̀. Obìnrin náà ń wo aago ara ògiri, ó ń wo ojú ọkọ rẹ̀, ó tún ń wo aago. Nígbà tó yá, kò wo aago mọ́. Ó fa ìlẹ̀kùn ṣí. Afẹ́fẹ́ gbá irun rẹ̀ sẹ́yìn, ọkùnrin náà ṣubú lé e láyà, wọ́n dì mọ́ra, orin sì gbòde kan. Àwọn èèyàn dìde, wọ́n pàtẹ́wọ́. Bísọ́lá ń fi etí ìró nu ojú, èmi náà ń fi gèlè nu tèmi.

“Irọ́!” ni Adépọ̀jù wí. “Ọkùnrin yẹn ti kú.”

A ní kó dákẹ́, kò gbọ́. Ó ra mínírà kan, ó gbé e sókè sí ìmọ́lẹ̀ kí gbogbo wa lè rí i. Ó ní ṣé a rí ìhó kankan nínú rẹ̀? A ní rárá. Ó ní gáàsì wà níbẹ̀, ìdérí ló tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ tó fi fara pamọ́ sínú omi rẹ̀. Ó mì í jìgìjìgì, ó sì ṣí i lẹ́ẹ̀kan. Ìhó ya lulẹ̀, ó dà sórí ìró aláwọ̀ omi aró tí Bísọ́lá ró.

“Ẹ̀jẹ̀ ọkùnrin yẹn nìyẹn,” ni ọkọ mi wí. “Bí wọ́n bá dín afẹ́fẹ́ tó tẹ ara rẹ̀ mọ́lẹ̀ kù lójijì, bó ṣe máa hó nìyẹn. Òótọ́ ni wọ́n fi ń bọ́ wa láti ìbẹ̀rẹ̀, títí a fi gbé irọ́ kan ṣoṣo mì. Torí wọ́n fẹ́ ká sunkún ni.”

Bísọ́lá pòṣé, ó ń gbọn ìró rẹ̀. “Bàbá Ràhímù, ẹ̀yin ẹnjiníà ò láàánú. Obìnrin ń wo ọkọ rẹ̀ tó ń jẹ̀rora, ẹ ní kó máa ka gáàsì!”

Babáyẹmí, tó jẹ́ pé iṣẹ́ rẹ̀ gan-an lọ̀rọ̀ náà, rẹ́rìn-ín músẹ́. Ìgbà tí a wà nínú mọ́tò, tí a ń lọ sílé, ló fi ohùn ńlá rẹ̀ béèrè lọ́wọ́ ìyàwó rẹ̀ pé, “Bó bá jẹ́ èmi ló há síbẹ̀, ṣé wàá ṣí i?”

“Màá ṣí i,” ni Bísọ́lá dáhùn. “O ò ní pè mí lẹ́ẹ̀kejì.”

Ọkùnrin náà rẹ́rìn-ín títí a fi délé. Ó mọ̀ pé ohun tí ìyàwó òun sọ yẹn yóò pa òun ni, síbẹ̀ inú rẹ̀ dùn bí inú ọmọdé. Mo wò ó nínú dígí mọ́tò, mo sì ń jowú díẹ̀, torí mo mọ̀ pé bí mo bá béèrè irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́ Adépọ̀jù, ìṣirò ló máa kọ́kọ́ ṣe.

Oṣù òjò la wà nígbà tí ìròyìn dé. Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé bí wọ́n ṣe ṣàlàyé rẹ̀ fún wa. Dáífà tó bá pẹ́ nísàlẹ̀ kò gbọdọ̀ yára gòkè. Ó gbọ́dọ̀ máa dúró lójú ọ̀nà, kí ara rẹ̀ lè máa tú gáàsì tó ti wọ inú ẹ̀jẹ̀ sílẹ̀. Lọ́jọ́ yẹn òkun ru, okùn tó de bájì, ọkọ̀ pẹrẹsẹ tí wọ́n ń ṣiṣẹ́ lórí rẹ̀, já, bájì sì ń sún lọ. Wọ́n fa Babáyẹmí gòkè lẹ́ẹ̀kan náà, torí bí wọn ò bá fà á, omi á gbé e lọ. Wọ́n sáré gbé e sínú táǹkì irin kan tó wà lórí bájì, wọ́n pa ìlẹ̀kùn dé, wọ́n sì fún afẹ́fẹ́ sínú rẹ̀ títí ara rẹ̀ fi rò pé ìsàlẹ̀ òkun lòun ṣì wà. Inú táǹkì yẹn ni yóò máa gbé, tí wọ́n á máa tú afẹ́fẹ́ náà jáde díẹ̀díẹ̀ lójoojúmọ́, títí ara rẹ̀ yóò fi gbà. Wọ́n wá wọ́ bájì náà wá sí ebúté Warri, kó lè wà nítòsí dókítà.

Adépọ̀jù wà níbi iṣẹ́, èmi ni mo tẹ̀lé Bísọ́lá lọ lọ́sàn-án ọjọ́ kejì. Ìyá Babáyẹmí ti ṣáájú wa débẹ̀. Láti abúlé wọn létí òkun ni mọ́mí náà ti wọkọ̀ wá, ó wọ aṣọ funfun ṣọ́ọ̀ṣì rẹ̀, ó gbé ìgò àdín dání. Ó ti pariwo lé àwọn ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà lórí títí wọ́n fi jẹ́ kó wọlé, àwa náà sì bá ojú rere rẹ̀ wọlé.

Táǹkì náà gùn bí èyí tí lọ́rì fi ń gbé epo, wọ́n kùn ún ní funfun. Dígí róbótó kan tí kò ju àwo ọbẹ̀ lọ wà lára rẹ̀, àpótí kékeré kan tí ohùn ń gbà jáde wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ dígí, ẹnu ẹ̀rọ pupa kan sì wà nísàlẹ̀ wọn, bí èyí tí a fi ń pọn omi. Ọmọkùnrin Urhobo kan tó ń jẹ́ Ejiro ló ń ṣọ́ ọ. Ó ní kò sí ẹni tó lágbára láti fa ìlẹ̀kùn táǹkì náà ṣí báyìí, afẹ́fẹ́ inú rẹ̀ ló tì í pa. Ẹnu ẹ̀rọ pupa yẹn ni ká bẹ̀rù.

“Na from here the air dey comot,” ni Ejiro wí. “Small small I dey loose am. If person loose am finish, that man don die be that. Una hear?”

A ní a gbọ́. Bísọ́lá gbé ojú sí dígí, ó pe ọkọ rẹ̀.

Ohùn tó dá a lóhùn mú kí n fẹ́ sá. Ó tín-ín-rín, ó ń yára, ó ń há bí ti pẹ́pẹ́yẹ tí wọ́n di ọrùn mú. Ejiro ní ká má bẹ̀rù, gáàsì fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kan tí wọ́n pò mọ́ afẹ́fẹ́ náà ló ń sọ ohùn dà bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n kí ni wọ́n fẹ́ fi ìyẹn sọ fún ìyá? Mọ́mí jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó ká ọwọ́ lérí.

“Ohùn ọma mi kọ́ rèé,” ló ń wí. “Ohùn ọma mi kọ́ rèé o.”

Ẹ má dá mọ́mí lẹ́bi. Lọ́dọ̀ wọn, ẹni tí omi bá fẹ́ gbé lọ, bí wọ́n bá ti fà á jáde, ẹ̀bá iná ni wọ́n máa ń sáré gbé e lọ. Wọ́n á fi àdín gbígbóná wọ́ ọ lára, gbogbo ẹbí á rọ̀ mọ́ ọn kó lè móoru. Ó ti fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe é fún ọkọ rẹ̀, ó ti ṣe é fún àbúrò rẹ̀, àwọn méjèèjì sì yè. Báyìí, wọ́n fa ọmọ rẹ̀ jáde nínú omi, wọ́n tì í mọ́ inú irin tútù, ẹnikẹ́ni kò sì fọwọ́ kàn án.

Ẹ̀rọ tó ń fún táǹkì náà lágbára wà ní ìkángun kejì bájì. Ó ti ń dún geere láti ìgbà tí a ti dé. Lójijì ó bẹ̀rẹ̀ sí í húkọ́, ó ń kọsẹ̀, ó fẹ́ kú. Ejiro bú sáré lọ síbẹ̀. “Make nobody touch anything!” ló ń kígbe bó ṣe ń lọ.

Ó wá ku àwa obìnrin mẹ́ta àti Babáyẹmí.

Ojú rẹ̀ yọ nínú dígí. Òógùn bò ó, ètè rẹ̀ ti bó. “Bísọ́lá,” ni ohùn pẹ́pẹ́yẹ yẹn wí. “Egungun mi ń jó. Ṣí i.”

“Fara dà á, jọ̀ọ́,” ni Bísọ́lá wí.

“Mi ò lè fara dà á mọ́. Ṣí i. O ní wàá ṣí i.” Ó ń fi àtẹ́lẹwọ́ gbá dígí, bí ti ọkùnrin inú fíìmù yẹn gẹ́lẹ́. “O ní mi ò ní pè ọ́ lẹ́ẹ̀kejì. Mo ti pè ọ́, Bísọ́lá. Mo ń pè ọ́.”

Mo rí ọwọ́ Bísọ́lá tó ń lọ sí ẹnu ẹ̀rọ pupa náà. Ìka rẹ̀ dì í mú. Gbogbo apá rẹ̀ ń gbọ̀n, ẹnu ẹ̀rọ náà sì ń dún kẹ̀kẹ̀kẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó bojú wolẹ̀ bí ẹni tí òòyì ń kọ́. Ìró aláwọ̀ aró yẹn ló tún ró lọ́jọ́ náà, àbàwọ́n mínírà sì wà lórí itan rẹ̀ níbẹ̀, tí gbogbo ọṣẹ ọjà Pessu kò lè mú kúrò.

Mi ò mọ bó ṣe pẹ́ tó tó ń wo àbàwọ́n yẹn. Ohun tí mo mọ̀ ni pé mọ́mí ti rí ibi tí ọwọ́ rẹ̀ wà, ó sì ti mọ ohun tí ẹnu ẹ̀rọ náà wà fún. Mọ́mí dìde. “Ṣí i, ìyàwó mi. Ṣí i kí a gbé ọma wa jáde.” Ó na ọwọ́ tirẹ̀ sí i.

Ni Bísọ́lá bá wó lé ẹnu ẹ̀rọ náà. Ó fi ikùn bò ó, ó fi apá méjèèjì gbá irin mọ́ra, ó ká lé e bí ẹni tó ń fi ara bo ọmọ tí wọ́n fẹ́ nà. “Mi ò ní ṣí i,” ló wí. Eyín rẹ̀ ń lu ara wọn. “Mi ò ní ṣí i. Mi ò ní ṣí i.”

Mọ́mí fà á ní apá, kò mì. Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìkúùkù lu ẹ̀yìn rẹ̀, ìyá arúgbó yẹn, ó ń lù ú, ó ń sunkún, ó ń pè é ní apààyàn, ó ní òun ò bí ọmọ fún òkú irin. Láti inú àpótí, ohùn pẹ́pẹ́yẹ ń wí pé, “Bísọ́lá, o purọ́ fún mi. O purọ́ fún mi.” Bísọ́lá kò gbójú sókè, kò sì kúrò níbẹ̀. Mo lọ di mọ́mí mú láti ẹ̀yìn.

Bí Ejiro ṣe tún ẹ̀rọ yẹn ṣe tó padà wá bá wa nìyẹn. Ó wo Bísọ́lá, ó wo ẹnu ẹ̀rọ tó wà lábẹ́ rẹ̀, ó sì di orí mú. “Madam,” ló wí, ohùn rẹ̀ ti lọ sílẹ̀. “Madam, you don try. Leave am for me now.” Àwa méjèèjì la jọ já ìka Bísọ́lá kúrò lára irin náà, torí wọn kò fẹ́ tú mọ́.

Láti ọjọ́ náà títí wọ́n fi ṣí táǹkì, Bísọ́lá kò wálé. Bẹ́ǹṣì kan ló jókòó lé lábẹ́ dígí, ó kẹ̀yìn sí ojú ọkọ rẹ̀, ó dojú kọ ẹnu ẹ̀rọ pupa. Èmi ni mo ń gbé oúnjẹ lọ. Ìgbàkigbà tí mo bá dé, á bi mí pé, “Ìyá Ràhímù, ṣé ẹ rò pé ó ṣì máa bá mi sọ̀rọ̀?” Mo ní yóò bá a sọ̀rọ̀. Ẹ̀rù sì ń ba èmi náà, torí ọkùnrin náà ti dákẹ́ nínú ibẹ̀, kò sì pe orúkọ rẹ̀ mọ́.

Lọ́jọ́ tí wọ́n ṣí i, afẹ́fẹ́ tó kù jáde pẹ̀lú ìmí gígùn kan, ìlẹ̀kùn irin náà sì ṣí fúnra rẹ̀ bí ìlẹ̀kùn yàrá lásán. Babáyẹmí tẹ̀ jáde. Ó ti rù, ó ń wọ́ ẹsẹ̀ òsì. Bísọ́lá dìde lórí bẹ́ǹṣì, kò sún mọ́ ọn. Ó dúró gbagidi bí ẹni tó ń retí ìgbátí.

“Bísọ́lá.” Ohùn rẹ̀ ti padà, èyí tó nípọn, tí àyà máa ń gbọ́. “O ní wàá ṣí i.”

“Ẹ̀rù bà mí,” ni Bísọ́lá wí.

“Ẹ̀rù ba èmi náà.” Ó di ara táǹkì mú kó má baà ṣubú. “Mo ń rí ọwọ́ rẹ lára irin yẹn. Ẹnu mi ń sọ pé kí o ṣí i, mi ò lè pa á dé. Nínú mi lọ́hùn-ún, mo ń bẹ Ọlọ́run pé kí o má gbọ́ tèmi.”

Ìgbà yẹn ni Bísọ́lá tó sunkún. Mọ́mí gbé àdín rẹ̀ sórí iná sítóòfù Ejiro, ó fi wọ́ ọmọ rẹ̀ lẹ́sẹ̀. Nígbà tó ṣe tán, ó ní kí Bísọ́lá kẹ̀yìn sí òun, kó sọ bùbá rẹ̀ kalẹ̀. Ó da èyí tó kù sí àtẹ́lẹwọ́, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í fi wọ́ ọ lẹ́yìn, níbi tí òun fúnra rẹ̀ ti lù ú. Ó ń wọ́ ọ lọ títí àdín fi tán.

Babáyẹmí kò wọ inú òkun mọ́. Ní ebúté ni wọ́n fi í sí, ó ń bójú tó irinṣẹ́ àwọn dáífà yòókù. Bísọ́lá padà sí ìdí ẹja rẹ̀ ní Pessu, ó ń bú àwọn ọlọ́kọ̀ bíi ti tẹ́lẹ̀. Ẹni tí kò mọ̀ ọ́n kò lè mọ̀ pé nǹkan kan ṣe é, àfi pé kì í lè jókòó bí ọkọ rẹ̀ bá wọ balùwẹ̀ tó sì ti ìlẹ̀kùn. Á dúró sẹ́nu ọ̀nà, á ní kó máa sọ̀rọ̀ kí òun máa gbọ́ ohùn rẹ̀. Ọkùnrin tí kì í sọ̀rọ̀ tẹ́lẹ̀ á máa ka orúkọ ẹja fún un láti inú balùwẹ̀.

Ṣé ẹ mọ̀ pé fíìmù kì í tán ní kílọ́ọ̀bù, wọ́n á tún gbé èyí tí wọ́n ti fi hàn padà wá. Wọn kì í sọ èyí tí wọ́n fẹ́ fi hàn fún ẹnikẹ́ni ṣáájú. Nígbà tí ọkọ̀ irin yẹn tún yọ lójú aṣọ funfun, mo fọwọ́ kan Bísọ́lá, mo ní ká máa lọ sílé. Ó ní rárá. Ó jókòó, ó wo omi tó ń léfòó, ó wo ọkọ̀ tó fọ́ láìdún. Adépọ̀jù kò sọ físíìsì kankan. Láti ìgbà tí mo ti fẹ́ ẹ, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo tó dákẹ́ nídìí fíìmù nìyẹn.

Ọkùnrin náà tún há. Ó ń gbá dígí. Obìnrin inú fíìmù wo aago, ó wo ojú ọkọ rẹ̀, ó na ọwọ́ sí ìlẹ̀kùn.

Bísọ́lá fò dìde lórí bẹ́ǹṣì. “Má ṣí i!” ló kígbe, ní èdè wa, láàárín gbogbo àwọn tí kò gbọ́ ọ. “Má ṣí i! Má ṣí i!”

Àwọn èèyàn yíjú sí i, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Obìnrin náà ṣí i, wọ́n dì mọ́ra, orin gbòde, gbogbo kílọ́ọ̀bù pàtẹ́wọ́. Babáyẹmí ti fi ẹsẹ̀ tó ń wọ́ dìde, ó ti gbá ìyàwó rẹ̀ mọ́ra, ó fi ẹnu sí i létí kó lè gbọ́ ohùn òun láàárín ariwo.

“Mo wà níbí,” ló ń wí. “Mo wà níbí. O ò ṣí i.”